Ohùn Tí Wọ́n Ní Kí N Fi Pànìyàn

Ọjọ́ Ajé, 2 oṣù Kejì, 1931

Wọ́n mú mi dé iwájú gbohùngbohùn lónìí.

Ọdún méjìlá ni mo ti ń pànìyàn nínú sinimá. Mo ti fún olówó báńkì kan lọ́rùn, mo ti ti ọmọọba kan sódò, mo ti bu májèlé sí kọfí bíṣọ́ọ̀bù. Kò sí ẹni tó béèrè ohùn lọ́wọ́ mi rí. Ojú ni wọ́n ń rà — ojú mi sì ń tà. Nísinsìnyí tí sinimá ti ń sọ̀rọ̀, wọ́n ní kí n wá sọ gbólóhùn kan péré: "Ẹ má bẹ̀rù, ìyá, kò ní pẹ́." Mo sọ ọ́. Ọkùnrin tó ń gbọ́ wa láti inú yàrá gíláàsì bọ́ ohun ìgbọ́ràn kúrò létí, ó nù ún, ó gbé e padà sétí, ó ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ. Ó wá béèrè, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ o: "Ọ̀gbẹ́ni Nestler, ṣé ẹ̀yin lẹ sọ̀rọ̀ yẹn, àbí ọmọdé kan wà lẹ́yìn yín?"

Löbel ni orúkọ rẹ̀. Láti òní lọ, Ọba Etí ni n ó máa pè é nínú ìwé yìí.

Òótọ́ ni pé ohùn mi tín-ín-rín. Ó tún wá jẹ́ ohùn àwọn ará agbègbè Sásónì, tí gbogbo ará Berlin máa ń sín jẹ nílé ọtí. Kí ni kí n ṣe sí i? Pirna ni wọ́n bí mi sí.

Ìṣẹ́gun, 3 oṣù Kejì

Mo fi gbogbo àárọ̀ halẹ̀ mọ́ dígí. Dígí ò bẹ̀rù.

Ọjọ́rú, 4 oṣù Kejì

Wọ́n gbà mí. Àmọ́ àdéhùn wà níbẹ̀.

*Ọkùnrin Yàrá Ẹ̀yìn* ni wọ́n sọ fíìmù náà. Èmi ni ọkùnrin ọ̀hún: oníwà pẹ̀lẹ́, ẹni jẹ́jẹ́, tó ń gba yàrá lọ́dọ̀ àwọn opó, tó sì ń pa wọ́n nínú ilé ìdáná wọn. Opó mẹ́ta ni. Ti ẹlẹ́ẹ̀kẹta ni gbogbo fíìmù dúró lé, torí ibẹ̀ ni mo ti máa sọ̀rọ̀ gbọọrọ kí n tó pa á. Àwọn tó ni ilé iṣẹ́ wa sọ pé bí ìran ilé ìdáná yẹn kò bá dára títí di ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù yìí, ẹlòmíì ló máa ṣe é, kí n máa lọ sílé.

Ilé wo? Pirna ni. Ẹ̀gbọ́n mi Gotthold, tó ń ta bọ́tìnì, ti kọ̀wé. Ó ní òun gbọ́ pé sinimá ti ń sọ̀rọ̀, òun sì mọ ohùn mi, nítorí náà òun ti nu àga kan sílẹ̀ dè mí lẹ́yìn káńtà. Ó ti nu àga. Ọmọ ìyá mi nìyẹn.

Àìkú, 8 oṣù Kejì

Òkèlè ọ̀dùnkún pẹ̀lú Ìyá Piesecke, bíi ti gbogbo ọjọ́ Àìkú.

Ìyá Piesecke ló ni ilé tí mò ń gbé. Opó ni òun náà. Yàrá ẹ̀yìn rẹ̀ ni mo gbà láti ọdún mẹ́sàn-án sẹ́yìn — bẹ́ẹ̀ ni, yàrá ẹ̀yìn, mo mọ̀. Ìjọba ti wó lórí ìjọba nílùú yìí, kò sí èyí tó dá Àìkú wa dúró. Èmi ni mò ń bó ọ̀dùnkún, èmi ni mò ń rin ín, èmi ni mò ń fún un, òun ló ń sè é. Bí ìyá mi ṣe kọ́ mi ni mò ń ṣe é, bó sì ṣe kọ́ mi náà ni mò ń kà á sókè bí mo ṣe ń ṣiṣẹ́ lọ: *Mú èyí tó ti gbó, má mú ọ̀dọ́. Fún omi rẹ̀ jáde. Fún un dáadáa, má kánjú. Jẹ́ kó sinmi. Fi ìka mẹ́ta bu iyọ̀. Ó parí.*

Mo sọ ìtàn fíìmù náà fún un. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó. Ó ní, "Balduin, ìwọ? Ìwọ tí eku lé gun orí tábìlì yìí ní ọjọ́ Kérésì?" Mo ní eku yẹn tóbi. Ó ní, "Ó tóbi, ọmọ mi. Ó tó àtàǹpàkò mi." Ó ní bí mo bá fẹ́ pa òun, kí n jọ̀ọ́ kọ́kọ́ fọ abọ́.

Gbogbo fíìmù mi ló ti wò. Kò fìgbà kan bẹ̀rù. Ó máa ń sùn ni. Ó ń dùn mí ju bí mo ṣe ń fi hàn lọ.

Ohun kan wà tí n kò tíì sọ fún ẹnikẹ́ni. Nínú sinimá odi àtijọ́ tí kò ní ohùn, ẹnu wa ń mì, a lè sọ ohun tó bá wù wá. Bí mo bá ń pa èèyàn, bí ìyá mi ṣe ń se òkèlè ọ̀dùnkún ni mo máa ń kà. Ó ń jẹ́ kí ojú mi tutù, kí ọwọ́ mi má kánjú. Obìnrin adití kan kọ̀wé sí mi láti Magdeburg ní ọdún 1924. Ó ní òun àti àwọn ọ̀rẹ́ òun tí wọ́n ń ka ọ̀rọ̀ lẹ́nu èèyàn rí i kedere pé, bí mo ṣe ń fún olówó báńkì yẹn lọ́rùn, iyọ̀ ni mò ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó ní kí n jọ̀ọ́ kọ ìyókù ránṣẹ́. Mo kọ ọ́ ránṣẹ́.

Ọjọ́ Ajé, 9 oṣù Kejì

A bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Gbogbo wa wọ sálúbàtà onírun kí ẹsẹ̀ má bàa dún. Kò sí ẹni tó gbọdọ̀ húkọ́. Wọ́n ti kámẹ́rà àti ẹni tó ń yí i mọ́ inú àpótí ńlá kan, nítorí ariwo rẹ̀.

Olùdarí wa ni Kasimir Drost. Ẹnu-ò-Sinmi ni mò ń pè é. Ogún fíìmù ló ti ṣe, gbogbo wọn ló sì fi ariwo darí, torí nígbà yẹn ariwo ò pa ẹnikẹ́ni lára. Èmi náà ò mọ iṣẹ́ láìsí igbe rẹ̀. Lónìí mo yọ́ wọ ilé ìdáná bá Thekla, òṣèré tó ń ṣe opó, iná pupa ti tàn, gbogbo ilé dákẹ́ — Drost gbàgbé.

Lọ́sàn-án wọ́n jẹ́ kí a gbọ́ ohun tó wọlé. Mò ń mí jẹ́jẹ́. Ilẹ̀kùn ń dún wíìn. Ó dára gan-an. Lẹ́yìn náà ohùn kan bíi ti awakọ̀ ẹrù: "Yọ́ lọ, Balduin! Yọ́! Eyín! Fi eyín hàn án! Thekla, ìwọ ò tíì rí i, kí lò ń wò?"

Ọba Etí béèrè bóyá ẹni tó ń pariwo yẹn náà wà lára àwọn apànìyàn, kí òun lè kọ orúkọ rẹ̀ sílẹ̀.

Ìṣẹ́gun, 10 oṣù Kejì

Wọ́n fi ìborùn di ẹnu Drost. Ó ń fi imú darí wa.

Ọjọ́rú, 11 oṣù Kejì

Wọ́n ti Drost mọ́ inú àpótí pẹ̀lú kámẹ́rà.

Ìran ikú opó àkọ́kọ́ la ṣe. Thekla Wiesing ló ń ṣe gbogbo opó mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ó ń pààrọ̀ irun ni. Ó ti kú dáadáa, ó nà sílẹ̀, ojú là sílẹ̀, mo dúró lé e lórí, ó ku kí n nu ọwọ́ mi. Ooru mú Drost nínú àpótí. Ó kan pákó lẹ́ẹ̀mẹta: kò, kò, kò.

Thekla, òkú, ní, "Ẹ wọlé."

Ó sọ pé ilé tó bójú mu ni wọ́n ti tọ́ òun. Wọ́n ní kí a tún un ṣe. Bí a ṣe ń tún un ṣe, mo wo ojú rẹ̀, ẹ̀rín pa mí. Ẹ̀rín mi nìyẹn wọlé, tín-ín-rín. Ọba Etí gbé orí lé tábìlì.

Ọjọ́bọ̀, 12 oṣù Kejì

Ojú tì mí lónìí.

Wọ́n mú ọkùnrin kan wá láti inú ẹgbẹ́ akọrin ilé eré, Stahnke, kó wá dúró sẹ́yìn aṣọ ìkélé kó máa sọ̀rọ̀, kí èmi máa la ẹnu lásán. Àgbá ni mo sọ ọ́, torí bí ohùn rẹ̀ ṣe rí nìyẹn. Kò burú, ó bọ̀wọ̀ fún mi. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú, wọ́n ní kí n wá ni."

Àmọ́ Ọjọ́bọ̀ ni. Ní Ọjọ́bọ̀, ọbẹ̀ ẹ̀wà àti sọ́séèjì ni gbogbo Berlin ń jẹ, ilé oúnjẹ tiwa náà kò yà kúrò níbẹ̀. Ọba Etí ti lẹ ìwé mọ́ ilẹ̀kùn láti oṣù Kìíní pé kí òṣèré kankan má fẹnu kan ẹ̀wà kí iṣẹ́ tó parí. Ẹni tuntun ni Àgbá. Kò ka ìwé. Ó jẹ abọ́ mẹ́ta.

Mo yọ́ dé ẹ̀yìn opó kejì. Mo gbé ọwọ́ sókè. Mo la ẹnu. Ohun tó ti ẹ̀yìn aṣọ ìkélé jáde kì í ṣe ọ̀rọ̀. Ó pẹ́, ó ròkè, ó sọ̀ kalẹ̀, ó dúró díẹ̀, ó tún bẹ̀rẹ̀. Gbohùngbohùn gbé e bíi ti ààrá. Thekla yíjú padà, ó wo ikùn mi. Ikùn tèmi.

Ọba Etí fi gbogbo ọ̀sán ṣàlàyé fún àwọn tó ni ilé iṣẹ́ pé òjò ni.

Àbámẹ́ta, 14 oṣù Kejì

Wọ́n ti rò ó pé kí Àgbá kúkú ṣe apànìyàn náà fúnra rẹ̀, ojú àti ohùn. Wọ́n ya fọ́tò rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀bẹ. Ojú rẹ̀ rí roboto, ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ pọ́n, bí ẹni fẹ́ gé àkàrà òyìnbó ọjọ́ ìbí. Wọ́n ní àtike á bá a ṣe é. Nítorí náà òun ló ń dúró dè mí ní ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n. Òun àti Gotthold àti àga.

Ọjọ́rú, 18 oṣù Kejì

Ìran ilé ìdáná, ọjọ́ kìíní. Mo rántí gbogbo ọ̀rọ̀ mi, mo sì sọ ọ́. Thekla ní ó dà bí ẹni ń ka àkókò ọkọ̀ ojú irin.

Ẹtì, 20 oṣù Kejì

Ọjọ́ kẹta. Ó burú ju ti àná lọ. Mo mọ ohun tó ń ṣe mí: ìdákẹ́jẹ́ ni. Ọdún méjìlá ni ẹnìkan ti ń kígbe mọ́ mi pé kí n yọ́, kí n fi eyín hàn, nísinsìnyí kò sí ẹni tó ń sọ ohunkóhun, mo sì ń gbọ́ ara mi. Kò sí ẹni tó lè bẹ̀rù ohun tí mò ń gbọ́ yẹn.

Àìkú, 22 oṣù Kejì

Mo bó ọ̀dùnkún, n kò sọ̀rọ̀. Ìyá Piesecke ní kí ló dé tí n kò kà á lónìí. Mo sọ fún un pé ó lè jẹ́ ọ̀sẹ̀ kan péré ló kù fún mi ní Berlin. Ó bu tèmi kún ju bó ṣe yẹ lọ. Ó wá ní, "Ta ló wá máa fún un? Ọwọ́ mi ò lágbára mọ́." Mo wojú àwo, mi ò gbójú sókè títí mo fi jẹun tán.

Ẹtì, 27 oṣù Kejì

Mo ti bà á jẹ́. Ó ti parí.

Kí n kọ ọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Drost wà nínú àpótí. Iná pupa tàn. Mo wọ ilé ìdáná jẹ́jẹ́, Thekla wà nídìí tábìlì pẹ̀lú irun funfun opó kẹta. Lórí tábìlì, ẹni tó ń to ẹrù ti gbé abọ́ kan kalẹ̀, kó lè dà bí ilé ìdáná gidi. Ọ̀dùnkún ló wà nínú rẹ̀. Mo rí i, gbogbo ọ̀rọ̀ mi sá lọ. Gbogbo rẹ̀ pátá. Thekla béèrè ohun tó wà nínú ìwé: "Kí lẹ ń wá nílé ìdáná mi, ọ̀gbẹ́ni?"

Ẹnu mi la ara rẹ̀. Mo ní, "Mú èyí tó ti gbó, má mú ọ̀dọ́."

Ó wò mí. Mò ń sún mọ́ ọn, torí ẹsẹ̀ mi ṣì rántí iṣẹ́. "Fún omi rẹ̀ jáde," ni mo sọ, ní ohùn ara mi, ohùn Pirna, bí mo ṣe máa ń sọ ọ́ lọ́jọ́ Àìkú. "Fún un dáadáa. Má kánjú." Thekla fà sẹ́yìn títí ó fi kan sítóòfù. "Jẹ́ kó sinmi." Mo na ìka mẹ́ta sókè, mo fi wọ́n kan ọrùn rẹ̀. "Fi ìka mẹ́ta bu iyọ̀."

Ó kígbe. Mo ti gbọ́ igbe Thekla nínú fíìmù mẹ́fà, mi ò gbọ́ irú èyí rí.

"Ó parí," ni mo sọ, torí bí ìyá mi ṣe máa ń parí rẹ̀ nìyẹn.

Iná pupa kú. Ọba Etí bọ́ ohun ìgbọ́ràn, kò nù ún. Drost jáde kúrò nínú àpótí pẹ̀lú òógùn, ó wò mí, ó pa ẹnu dé. Drost o, Ẹnu-ò-Sinmi. Mo bọ́ sálúbàtà onírun, mo kó o lé àga, mo lọ sílé. Ó kàn jẹ́ pé mi ò fẹ́ kí wọ́n rí omi lójú mi.

Àbámẹ́ta, 28 oṣù Kejì

Mo fi lẹ́tà ránṣẹ́ sí Gotthold pé mò ń bọ̀.

Ọjọ́ Ajé, 2 oṣù Kẹta

Ọba Etí wá bá mi nílé fúnra rẹ̀. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó di fìlà mú. Ó ní àwọn tó ni ilé iṣẹ́ ti gbọ́ ọ. Ó ní wọ́n tún un gbọ́ lẹ́ẹ̀mẹta, lẹ́yìn náà wọ́n ní wọn ò jẹun ọ̀sán mọ́. Ó ní òun náà o, òun ò tíì lè wo aya òun tó bá ń sebẹ̀. "Ọ̀gbẹ́ni Nestler, ẹ jọ̀ọ́, níbo lẹ ti rí ọ̀rọ̀ burúkú yẹn?" Mo ní ọ̀dọ̀ ìyá mi. Ó wọ fìlà, ó lọ.

Wọ́n ò ní yọ lẹ́tà kan kúrò níbẹ̀. Apànìyàn ni mí, tojú tohùn. Àgbá fi òdòdó ránṣẹ́. Mo tẹ wáyà sí Gotthold pé mi ò bọ̀ mọ́, ó tẹ̀ ẹ́ padà pé kò burú, òun ti gbé ohun mìíràn lé àga náà.

Inú mi dùn tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi fọ gbogbo abọ́ Ìyá Piesecke, títí kan àwọn tó mọ́.

Ọjọ́bọ̀, 9 oṣù Kẹrin

Ọ̀la ni ìfihàn àkọ́kọ́, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Mo fún Ìyá Piesecke ní tíkẹ́ẹ̀tì. Ó ní òun á mú ìrọ̀rí dání. Mi ò tíì sọ ohun tí mo sọ nínú ilé ìdáná yẹn fún un. Mo fẹ́ kó bá a lójijì. Ọlọ́run dárí jì mí, mo fẹ́ kí obìnrin yẹn bẹ̀rù mi, lẹ́ẹ̀kan péré nínú ọdún mẹ́sàn-án.

Ẹtì, 10 oṣù Kẹrin

Wọ́n kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Bí mo ṣe la ẹnu báyìí, ẹnìkan lókè pariwo, "Ará Sásónì ni!" Ẹ̀rín gba ilé. Èmi ń lọ sísàlẹ̀ lórí àga.

Nígbà tó di ilé ìdáná, ẹ̀rín náà ń kéré sí i. Ọkùnrin tó ń jẹ ṣokoléètì níwájú mi dáwọ́ dúró. Mi ò wo fíìmù mọ́, Ìyá Piesecke ni mò ń wò. Kò sùn. Nígbà tí ohùn mi ní kí wọ́n mú èyí tó ti gbó, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó gbá mi lórúnkún, ẹnu rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í bá mi kà á, torí ó mọ̀ ọ́n lórí. *Fún un dáadáa. Má kánjú.* Ẹnu rẹ̀ ń lọ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, ẹnu rẹ̀ wá dúró. Kí ó tó dé iyọ̀. Ó gbé ọwọ́ sí ọrùn ara rẹ̀. Kò wo ọ̀dọ̀ mi.

Ilé pàtẹ́wọ́. Wọ́n ní kí n dìde. Wọ́n la ọ̀nà fún mi bí mo ṣe ń jáde, ọ̀nà tó fẹ̀ gan-an. Nígbà tí mo máa wẹ̀yìn, Ìyá Piesecke ti bá aládùúgbò lọ sílé. Ìrọ̀rí rẹ̀ wà lórí àga.

Àbámẹ́ta, 11 oṣù Kẹrin

Ìwé ìròyìn mẹ́ta! Ọ̀kan ní ohùn mi ni ohun tó burú jù tí òun gbọ́ láti ìgbà ogun. Mo gé e, mo fi í ránṣẹ́ sí Gotthold ní Pirna. Ọkùnrin tó ń ta tábà kò fi tábà mi lé mi lọ́wọ́, ó gbé e sórí káńtà, ó sì fà sẹ́yìn. Mò ń yọ̀ bọ̀ láti ibẹ̀ títí dé ilé.

Mo pàdé Ìyá Piesecke ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Mo ní ẹ káàárọ̀, Ìyá. Ó ní, "Ẹ káàárọ̀, Ọ̀gbẹ́ni Nestler. Ṣé ẹ sùn dáadáa?"

Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi jẹ́ Balduin nínú ilé yìí.

Àìkú, 12 oṣù Kẹrin

Mo mú ọ̀bẹ tí mo fi ń bó ọ̀dùnkún, mo lọ sí ilé ìdáná. Kí n tó ronú nípa ọ̀bẹ náà, ó ti pẹ́ jù. Mo gbọ́ tí Ìyá Piesecke ti ilẹ̀kùn pa láti inú.

Mo ní Ìyá, èmi ni. Ó ní, "Mo mọ̀ pé ẹ̀yin ni." Mo ní sinimá ni, wọ́n kàn ya fọ́tò rẹ̀ ni. Ó ní, "Mo mọ̀, Ọ̀gbẹ́ni Nestler. Orí mi mọ̀ ọ́n, ara mi ni kò mọ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ jókòó sí yàrá yín, mo máa gbé tiyín wá." Mo rán an létí eku ọjọ́ Kérésì. Mo rò pé ó máa rẹ́rìn-ín. Kò rẹ́rìn-ín. Mo gbọ́ tí ó ń fún ọ̀dùnkún fúnra rẹ̀, ó ń sinmi láàárín, ọwọ́ rẹ̀ kò lágbára mọ́ lóòótọ́. Kò kà á sókè.

Ní aago kan ọ̀sán, ó kan ilẹ̀kùn mi, ó sì ti sá lọ kí n tó ṣí i. Àwo wà nílẹ̀, aṣọ wà lórí rẹ̀. Òkèlè mẹ́rin, bó ṣe máa ń bù ú fún mi. Mo jókòó sílẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo jẹ ẹ́ níbẹ̀, kó lè máa gbọ́ pé mò ń jẹun bí èèyàn.

Kò fi iyọ̀ sí i.